Ọkọ́ Kì Í Ṣe Ẹní



Kò sí àgbẹ̀ tí í gbé ọkọ́ sùn. Bí ilẹ̀ bá ti ṣú, a gbé ọkọ́ sí ẹ̀yìn ilẹ̀kùn, a sì tẹ́ ẹní. Ṣùgbọ́n ní ọ̀dọ̀ àwọn tí ń ṣe fídíò sórí íntánẹ́ẹ̀tì, ọkọ́ àti ẹní ti di ohun kan náà. Fóònù tí wọ́n fi ń ṣiṣẹ́ lọ́sàn-án ni wọ́n fi ń wòran lálẹ́.

Ẹ wo ọ̀kan nínú wọn. Ó jókòó láti wo eré aláwàdà kí ara lè tù ú, ṣùgbọ́n kò rẹ́rìn-ín. Ó ń ṣọ́ bí ẹnìkejì ti ṣe é, ó ń ka iye ènìyàn tí ó wò ó. Òru dọ́gànjọ́; kò ṣiṣẹ́, bẹ́ẹ̀ ni kò sinmi.

Tom Scott, ará ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, gbé fídíò jáde lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀ fún ọdún 10 lórí YouTube. Ní ọjọ́ 1 oṣù kìíní ọdún 2024, ó dá a dúró kí ó lè sinmi. Carlo Acutis, tí Póòpù Leo Kẹrìnlá kéde ní Ẹni Mímọ́ ní ọdún 2025, fi kọ̀ǹpútà ṣiṣẹ́ fún Ọlọ́run. Ṣùgbọ́n wákàtí kan péré lọ́sẹ̀ ni ó fún eré orí ẹ̀rọ.

Ọlọ́run tìkárarẹ̀ wo iṣẹ́ rẹ̀, inú rẹ̀ dùn sí i, ó sì sinmi. Nígbà tí àwọn Àpọ́sítélì ti ibi iṣẹ́ dé, tí èrò kò jẹ́ kí wọ́n ráyè jẹun, Olúwa wa kò bi wọ́n léèrè iye ènìyàn tí ó gbọ́ wọn. Ó pè wọ́n lọ sí ibi ìdákẹ́jẹ́ láti sinmi (Máàkù 6, 30-32).

Nítorí náà, ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ń ṣe iṣẹ́ yìí, ẹ yan wákàtí tí ẹ ó fi wo iṣẹ́ ẹlòmíràn láti kọ́ ẹ̀kọ́. Bí ó bá pé, ẹ pa ẹ̀rọ náà. Bí ẹ bá fẹ́ wòran fún ìgbádùn, ẹ wo ohun tí kò kan iṣẹ́ yín, kí ẹ sì wò ó pẹ̀lú àwọn ará ilé yín. Ní Ọjọ́ Olúwa, ẹ má ṣe ka iye òǹwòran rárá.

Ẹ̀yin òbí, ẹ má ṣe yára pè wọ́n ní ọ̀lẹ. Ẹ kọ́kọ́ bi wọ́n bóyá iṣẹ́ ni wọ́n ń ṣe. Bí ó bá sì ti tó àkókò, ẹ bá wọn tẹ́ ẹní.

Kí Olúwa fún wa ní iṣẹ́ tí ó lérè àti ìsinmi tí ó tọ́. Àmín.