Ẹni Bímọ Ọ̀ràn Ní Í Pọ̀n Ọ́n: Ọ̀rọ̀ Ọmọ Ìgbín Tí Kò Lè Dàgbà

Bí mo bá sọ láàárín àwọn ọ̀rẹ́ mi pé ọ̀rọ̀ ìgbín ni mo fẹ́ kọ, ohun tí wọn yóò kọ́kọ́ bi mí ni pé: “Ṣé aláta ni àbí ti inú ọbẹ̀?” Wọn ò jẹ̀bi. Lójú tiwa níhìn-ín, ìgbín tí kì í bá ṣe ti ẹnu, ti Òrìṣà-ńlá ni. Ṣùgbọ́n ẹ̀yin òǹkàwé wa, ó ti pẹ́ tí àwọn ará ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ti ń sin ìgbín ilẹ̀ Áfíríkà nínú ilé bí àwa ṣe ń sin ológbò. Inú àpótí oníke tàbí ti gíláàsì ni wọ́n ń fi í sí. Wọ́n á da iyẹ̀pẹ̀ tútù sí i nísàlẹ̀, wọ́n á máa já ewé fún un, àwọn ọmọdé á sì máa gbé e lé ọwọ́ kó máa rìn.

Kò sí ohun tó burú nínú ìyẹn. Ìgbín kì í gbó, kì í họni léèékánná, kì í sì í pariwo lóru. Ọjọ́ tó bá yé ni wàhálà dé. Ìgbín kọ̀ọ̀kan ló jẹ́ akọ, òun náà ló tún jẹ́ abo. Bí méjì bá ti pàdé, àwọn méjèèjì lè yé. Èyí tó ti bá èkejì rẹ̀ pàdé rí lè tọ́jú àtọ̀ sínú ara fún ọ̀pọ̀ oṣù, kó dá wà nínú àpótí, kó sì tún máa yé. Ìgbín ńlá tí àwa ń rà lọ́jà kì í yé púpọ̀. Ẹyin rẹ̀ tóbi, kì í sì í sábà ju 20 lọ lẹ́ẹ̀kan. Ṣùgbọ́n irú kan tó wọ́pọ̀ lọ́wọ́ àwọn Gẹ̀ẹ́sì, tó ṣẹ̀ wá láti ìlà-oòrùn Áfíríkà, tí àwọn onímọ̀ ń pè ní Lissachatina fulica, lè yé 100, ó lè yé 200, àní ó lè tó 400 lẹ́ẹ̀kan, á sì tún yé kí ọdún tó yí po. Àwọn àgbà tó ní ọmọ bẹẹrẹ, òṣì bẹẹrẹ, àfi bí ẹni pé ìgbín yìí ni wọ́n ń wò.

Nínú 200 ọmọ, gbogbo wọn ò lè rí bákan náà. Lẹ́yìn oṣù mélòó kan, àwọn kan á ti tó ẹyọ obì, àwọn mìíràn á ṣì wà bí ẹ̀wà. Ìkarahun òmíràn á fẹ́lẹ́ bí ìwé, tàbí kó wọ́. Òmíràn á kóra wọlé, kò ní í jáde jẹun. Òmíràn ẹ̀wẹ̀, ara rẹ̀ á tóbi ju ìkarahun lọ, tó jẹ́ pé bó bá fẹ́ wọlé, ilé ò gbà á mọ́. Kí ni ká ṣe sí àwọn wọ̀nyí? Ká pa wọ́n ni? Ká fi wọ́n sílẹ̀ ni? Ká kó wọn dà sígbó ni? Ìbéèrè kékeré ni lójú, àmọ́ ohun tó wà nínú rẹ̀ kò kéré: gbèsè wo ni ẹni tó mú ẹ̀mí wá sáyé jẹ ẹ̀mí náà, pàápàá bí ẹ̀mí ọ̀hún ò bá lókun?

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ mú ọ̀rọ̀ igbó kúrò nílẹ̀, nítorí òun ló dùn-ún sọ jù. “Mo dá a sílẹ̀ kó máa lọ wá oúnjẹ rẹ̀.” Ó dà bí ọ̀rọ̀ àánú, àbí? Ní ọdún 1966, ọmọkùnrin kan kó ìgbín mẹ́ta bọ̀ láti Hawaii sí ìlú Miami ní Amẹ́ríkà. Ìyá àgbà rẹ̀ dá wọn sílẹ̀ sínú ọgbà. Lẹ́yìn ọdún méje, ìgbín tó wà níbẹ̀ ti lé ní 18,000. Owó tó lé ní mílíọ̀nù kan dọ́là ni wọ́n ná kí wọ́n tó rí ẹ̀yìn wọn ní 1975. Ó tún bẹ́ sílẹ̀ ní 2011, ọdún mẹ́wàá ni wọ́n sì tún fi bá a jà. Ìdí nìyí tí òfin Amẹ́ríkà kò fi jẹ́ kéèyàn sìn ín láìgba ìwé àṣẹ. Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì gbà á láyè nínú ilé, àmọ́ òfin wọn ti 1981 ka dídá irú ẹran àjèjì bẹ́ẹ̀ sílẹ̀ nígbó sí ẹ̀ṣẹ̀. Ká tilẹ̀ ní kò sófin, òtútù ibẹ̀ á pa á díẹ̀díẹ̀. Ẹni tó sọ aláìlera sígbó kò ṣàánú. Ó kàn ń sá kí ojú òun má baà rí ikú rẹ̀ ni.

Àwọn mìíràn ní ká fi í sílẹ̀ nínú àpótí, kí Ẹlẹ́dàá ṣe tirẹ̀, èyí tó máa yè á yè. Ọ̀rọ̀ yìí ì bá tọ́ bó bá jẹ́ pé inú igbó ni ìgbín náà wà. Inú àpótí wa ló wà. Àwa la díwọ̀n àyè fún un, àwa là ń bomi sí i, àwa là ń yan oúnjẹ fún un. Lọ́pọ̀ ìgbà, àìlera tí à ń dì mọ́ ọmọ ìgbín lọ́rùn, àwa gan-an la fà á. Bí wọ́n bá há mọ́ra wọn jù, ìdàgbà wọn á fà sẹ́yìn. Bí wọn ò bá rí kálíṣíọ̀mù tí wọ́n fi ń kọ́ ìkarahun, ìkarahun á rọ̀, wọ́n á sì máa họ ti ara wọn jẹ. Bí iyẹ̀pẹ̀ bá gbẹ, wọ́n á kóra wọlé, wọ́n á sùn láìjẹun. Nítorí náà, kí ẹ tó dá ọmọ ìgbín lẹ́jọ́, ẹ kọ́kọ́ dá ara yín lẹ́jọ́. Ẹ yà á sọ́tọ̀, ẹ pààrọ̀ iyẹ̀pẹ̀, ẹ lọ èèpo ẹyin adìyẹ kúnná fún un, ẹ já ewé ìbẹ́pẹ fún un, kí ẹ sì fún un ní ọ̀sẹ̀ mélòó kan. Òmíràn á dìde. Èyí tó bá dìde, ẹ má pa á torí pé ó kéré ju ẹ̀gbọ́n rẹ̀ lọ. Ẹ má ṣáà jẹ́ kí ẹyin rẹ̀ pa.

Èyí tí kò bá dìde ńkọ́? Òfin ò ní ràn wá lọ́wọ́ níbí. Òfin ìtọ́jú ẹranko tí wọ́n ṣe ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní 2006, ẹran tó ní eegun ẹ̀yìn ló wà fún. Nígbà tí wọ́n ṣe òmíràn ní 2022, tó gbà pé ẹranko ń mọ nǹkan lára, wọ́n mú alákàn wọlé, wọ́n mú octopus tó bá ìgbín tan wọlé, wọ́n fi ìgbín sílẹ̀ síta. Bẹ́ẹ̀ sì rèé, ní 1983, àwọn onímọ̀ ní Kánádà gbé ìwádìí kan jáde. Wọ́n gbé ìgbín sórí ibi tó gbóná, ó ń gbé ẹsẹ̀ rẹ̀ sókè. Wọ́n fún un ní mọ́fíìnì, oògùn tí wọ́n ń fún ẹni tí ìrora bá pọ̀ lára rẹ̀, ó wá pẹ́ kó tó gbé e. Èmi ò ní ìgbín ń ronú bí èèyàn o. Àmọ́ èyí tó láti mú kí ọwọ́ wa rọ̀.

Nítorí náà, bí ìwàláàyè bá ti di ìyà fún un, tí kò jẹun mọ́, tí ìkarahun kò gbà á mọ́, ẹ jẹ́ kí ikú rẹ̀ yá. Ẹ fi ohun tó wúwo lù ú lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, kó fọ́ pátápátá. Ẹ má da iyọ̀ sí i. Ẹ má gbé e sóòrùn. Ẹ má fi tọrẹ fún ẹni tí kò mọ̀ pé aláìsàn ni. Ẹ má sì rán ọmọdé tàbí ọmọ ọ̀dọ̀ níṣẹ́ yẹn. Ẹni tó ń gbádùn ìgbín yìí lójoojúmọ́, òun náà ni kó fi ọwọ́ ara rẹ̀ ṣe èyí tó korò. Ẹni bímọ ọ̀ràn ní í pọ̀n ọ́n.

Ọ̀nà tó dára ju èyí lọ wà, ó sì wà ṣáájú. Àwọn tó mọ iṣẹ́ yìí dáadáa máa ń tú iyẹ̀pẹ̀ wò déédéé. Bí wọ́n bá rí ẹyin, lọ́jọ́ yẹn gan-an, kí ọmọ tó dá nínú rẹ̀, wọ́n á kó o sí fíríìsà fún ọjọ́ kan sí méjì. Ó parí. Ìwọ̀nba tí wọ́n lè tọ́jú nìkan ni wọ́n ń fi sílẹ̀ kó pa. Iṣẹ́ ìṣẹ́jú márùn-ún lónìí ni, tí a ò bá ṣe é, ó di 200 ẹ̀mí lọ́rùn wa lóṣù tó ń bọ̀.

Mo mọ̀ pé ẹnìkan á ní: “Ẹ̀gbọ́n, ẹ̀yin tí ẹ jẹ ìgbín mẹ́rin níbi ìnáwó, ẹ̀yin lẹ wá ń káàánú ọmọ ìgbín?” Òótọ́ ni, mo jẹ ẹ́, màá sì tún jẹ ẹ́. Ṣùgbọ́n pípa yàtọ̀ sí fífìyà jẹ. Ẹ tún wo ohun tí ìbéèrè yẹn fi hàn: a ń pa ìgbín tó lókun náà, a sì ń jẹ ẹ́. Kì í wá ṣe àìlera ló fún wa láṣẹ lórí ẹ̀mí ìgbín. Àìlera kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀ tí à ń fi ikú san. Iṣẹ́ kan ṣoṣo tó ń ṣe ni pé ó ń fi irú àánú tí a jẹ ìgbín náà hàn wá.

Mo tẹnu mọ́ èyí nítorí ibi tí irú ọ̀rọ̀ yìí ti gbé ayé dé rí. Ní 1883, ọ̀mọ̀wé Gẹ̀ẹ́sì kan, Francis Galton, fún ẹ̀kọ́ kan lórúkọ, pé kí a máa ṣa àwọn èèyàn tí yóò bímọ bí a ṣe ń ṣa ẹran ọ̀sìn. Ní 1933, Jámánì ṣòfin láti sọ àwọn tí wọ́n kà sí aláìpé di ẹni tí kò lè bímọ. Láti 1939, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í pa wọ́n, àtọmọdé àtàgbà. Àwọn tó ṣe é kò ka ara wọn sí ìkà; wọ́n ní ìyà ni àwọn ń gbà wọ́n lọ́wọ́ rẹ̀.

Àwọn baba ńlá wa mọ ibi tí ààlà wà. Ọbàtálá tí wọ́n ń fi ìgbín bọ, òun náà ló ni afín, òun ló ni abuké, òun ló ni arọ. Ẹni òrìṣà ni wọ́n ń pè wọ́n, ẹnikẹ́ni kò sì gbọdọ̀ fi wọ́n ṣe yẹ̀yẹ́. Òrìṣà kan náà ló ń gba ìgbín lọ́wọ́ wa, tó sì tún ń na ọwọ́ bo aláìlera èèyàn. Ẹni tó bá fẹ́ sin ìgbín, kó fi méjèèjì sọ́kàn.

Ìgbín lè lo ọdún márùn-ún sí mẹ́fà lọ́wọ́ ẹni tó mọ̀ ọ́n sìn. Kí ẹ tó jẹ́ kí ẹyin kan pa, ẹ ka àpótí yín, ẹ ka owó yín, ẹ ka àkókò yín. Iye tí ẹ bá lè tọ́jú dọ́jọ́ ikú rẹ̀, àtèyí tó lókun àtèyí tí kò lókun, òun ni kí ẹ jẹ́ kó rí ayé.