Ta Ni À Ń Bá Pa Iná?

Kò sí ẹni tí kò rí i rí láàárín wa: wọ́n á ké “Iná o!” lóru, àwọn ọkùnrin á tú jáde pẹ̀lú garawa ìwẹ̀. Ẹnì kan ń wá kọ́kọ́rọ́ kànga, àwọn méjì ń jiyàn lórí ẹni tó yẹ kó pe panápaná, ẹni tó gbóyà jù á sì da omi lé kẹrosíìnì tó ń jó. Kẹrosíìnì fúyẹ́ ju omi lọ, orí omi ló máa ń léfòó. Iná tó wà ní kíṣìnnì á bá omi wọ pálọ̀. Bó bá di ọjọ́ kejì, a ó máa fi wọ́n rẹ́rìn-ín.

Ǹjẹ́ ó yẹ bẹ́ẹ̀? Àwọn kan ní òmùgọ̀ ni wọ́n, torí àwọn àgbà ti ní bí iná bá ń jóni, tó ń jó ọmọ ẹni, tara ẹni là á kọ́kọ́ gbọ̀n. Mi ò gbà pé òwe náà bá ibí yìí mu. Nínú ilé tí yàrá kọjú sí yàrá, iná aládùúgbò kì í pẹ́ di tiwa. Ẹni tó sáré jáde ń gbọn tara rẹ̀ náà ni.

Ohun tó ń kọ mí lóminú ni orúkọ tí à ń wá. Ní Amẹ́ríkà àtijọ́, àwọn tó yọ̀ǹda ara wọn ló ń pa iná. Ẹgbẹ́ tí Benjamin Franklin dá sílẹ̀ ní Philadelphia ní 1736 wà lára àwọn àkọ́kọ́. Nígbà tó yá, ìdíje wọ̀ ọ́. Ní New York, ẹgbẹ́ kan á rán géńdé ṣáájú kó lọ fi àgbá bo ojú ẹ̀rọ omi, á sì jókòó lé e, kí ẹgbẹ́ mìíràn má bàa rí i. Ilé ń jó, àwọn panápaná ń jà! Ó sú ìlú Cincinnati, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí san owó oṣù fún panápaná ní 1853. New York náà ṣe bẹ́ẹ̀ ní 1865. Àwọn wọ̀nyẹn ni mo lè fi rẹ́rìn-ín, torí wọ́n mọ ohun tí wọ́n ń ṣe.

Ti ẹni tó da omi lé kẹrosíìnì yàtọ̀. Ọkàn rere rẹ̀ lè gbà á là lẹ́ẹ̀kan. Bí a bá ti sọ fún un pé yanrìn ni, tó sì tún gbé omi lẹ́ẹ̀kejì, ó ti jẹ onílé ní gbèsè. Àwa tí a mọ̀, tí a kò sọ fún un ńkọ́? Lójú tèmi, gbèsè tiwa ju tirẹ̀ lọ. Mo rí garawa yanrìn kan lẹ́nu géètì ilé kan ládùúgbò wa. Adìyẹ ti yé ẹyin mẹ́ta sí i.