Ọmọ Ayò Pé, Ayò Ni Kò Sí Mọ́

Ẹ̀yin òǹkàwé mi, ẹ jẹ́ kí a fi ọ̀rọ̀ ìṣèlú àti ọ̀wọ́n ọjà sílẹ̀ fún ìgbà díẹ̀, kí a jọ gbé ọ̀rọ̀ kan tí ó kéré lójú yẹ̀ wò. Mo ní ó kéré lójú ni, n kò ní kò tó nǹkan, nítorí mo ti rí ilé tí wọn kò gbọ́ ara wọn yé fún odidi ọ̀sẹ̀ kan nítorí rẹ̀. Ìbéèrè náà nìyí: bí ààyè bá tán nínú kọ̀ǹpútà alágbèéká tí gbogbo ilé ń lò, tí a sì fẹ́ yọ géèmù kúrò kí iṣẹ́ gidi lè ráyè, ta ni ó ní àṣẹ láti yọ ọ́? Ṣé ẹni tó ra ẹ̀rọ ni, àbí ẹni tó ń fi géèmù ṣeré? Kí sì ni ó yẹ kí a ṣe fún ẹni tí a fẹ́ yọ tirẹ̀?

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ mọ ohun tó ń gba ààyè. Ní ọdún 1985 tí iléeṣẹ́ Nintendo ti ilẹ̀ Japan gbé Super Mario Bros. jáde, gbogbo géèmù náà látòkèdélẹ̀ kò ju 40 kìlóbáìtì lọ. Nígbà tí Grand Theft Auto V dé orí kọ̀ǹpútà ní ọdún 2015, ó béèrè 65 gígábáìtì. Nígbà tí yóò fi di ọdún 2019, Red Dead Redemption 2 ní àfi kí wọ́n fún òun ní 150. Inú ààyè tí GTA V nìkan jókòó sí yẹn, Mario ti ọdún 1985 yóò wọ ibẹ̀ ju ìgbà mílíọ̀nù kan lọ. Bẹ́ẹ̀, laptop àlòkù oní 256 gígábáìtì ni ọ̀pọ̀ wa ń rà ní Computer Village ní Ìkẹjà, òmíràn kò tilẹ̀ tó bẹ́ẹ̀. Ẹ kó géèmù méjì tó gbẹ̀yìn yẹn sínú rẹ̀, 215 ti lọ. Ó ku 41, Windows fúnra rẹ̀ kò sì tíì jókòó.

Kì í ṣe gbogbo géèmù ló ní ẹjọ́ nínú o. Àwọn kan wà tó jẹ́ pé àlejò tí a kò pè ni wọ́n. Ní ọdún 1990 ni eré káàdì Solitaire ti bá Windows 3.0 wọlé, ní ọdún 2015 tí Windows 10 jáde, Candy Crush Saga bá a wọ inú ọ̀pọ̀ ẹ̀rọ láìjẹ́ pé onílé ránṣẹ́ pè é. Bí ẹ bá ti bi ará ilé léèrè, tí kò sì sí ẹni tó ń fi irú wọn ṣeré, ẹ yọ wọ́n o jàre, ẹnikẹ́ni ò ní sunkún. Ṣùgbọ́n ààyè tí irú àwọn wọ̀nyí ń gbà kò pọ̀. Èyí tó sanra ni èyí tí ẹnìkan dìídì lọ mú wá, ibẹ̀ gan-an sì ni ẹjọ́ wà.

Ọ̀nà tí à ń gbà yọ géèmù náà, ọ̀pọ̀ ni kò mọ̀ ọ́n. Ẹlòmíràn á pa àwòrán kékeré tó wà lójú ẹ̀rọ rẹ́, á ní òun ti yọ ọ́. Rárá o. Pátákó iwájú ṣọ́ọ̀bù lẹ yọ yẹn, ọjà ṣì wà nínú ṣọ́ọ̀bù pẹ̀lú gbogbo ìwúwo rẹ̀. Lórí Windows 11, inú Settings lẹ ó lọ, kí ẹ tẹ Apps, lẹ́yìn náà Installed apps. Ẹ tò wọ́n bí wọ́n ṣe tóbi sí, kí ẹ tẹ àmì tó mẹ́ta tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ èyí tí ẹ fẹ́, kí ẹ wá yan Uninstall. Èyí tó bá ti ọ̀dọ̀ Steam wá, inú Steam ló dára kí ẹ ti yọ ọ́. Orúkọ rẹ̀ yóò ṣì wà nínú àkójọ yín, ẹ sì lè fà á wálẹ̀ padà lọ́jọ́ mìíràn.

Ohun tó wá yẹ kí a fi sọ́kàn ni pé nǹkan méjì là ń pè ní géèmù. Ọ̀kan ni géèmù fúnra rẹ̀, ọjà oníṣòwò, tó rí bákan náà lọ́dọ̀ gbogbo ẹni tó rà á. Èkejì ni àkọsílẹ̀ ibi tí eléré bá a dé: ohun tó ti kọ́, ohun tó ti borí, ohun tó ti kó jọ. Àkọsílẹ̀ yìí sábà máa ń fúyẹ́, àpò ọ̀tọ̀ ló sì sábà máa ń wà. Bí a bá yọ géèmù, òmíràn á fi àkọsílẹ̀ rẹ̀ sílẹ̀, òmíràn á gbé e lọ. Steam máa ń bá àwọn géèmù kan tọ́jú ẹ̀dà rẹ̀ sórí íntánẹ́ẹ̀tì, ṣùgbọ́n kì í ṣe gbogbo wọn.

Ẹ wá gbọ́ ohun tó ṣẹlẹ̀. Ọ̀rẹ́ mi kan wà ní àdúgbò wa ní Ìbàdàn, ẹni rere ni, kì í fi iṣẹ́ ṣeré. Laptop kan ṣoṣo ni wọ́n ní nílé. Ọmọbìnrin rẹ̀ àgbà ń fi kọ iṣẹ́ àṣekágbá yunifásítì. Ọmọkùnrin rẹ̀, ọmọ ọdún 14, ní géèmù bọ́ọ̀lù kan lórí rẹ̀, irú èyí tí eléré ti ń jẹ́ adarí ẹgbẹ́, tí yóò máa ra agbábọ́ọ̀lù, tí yóò máa tà wọ́n, tí yóò máa to ẹgbẹ́ rẹ̀. Ọdún méjì ni ọmọ yìí ti ń gbé ẹgbẹ́ kékeré kan bọ̀ láti ìsàlẹ̀ pátápátá. Ní òru ọjọ́ kan, tó jẹ́ pé ilẹ̀ ọ̀la ni ọmọbìnrin yóò fi iṣẹ́ rẹ̀ ránṣẹ́, ẹ̀rọ ní kò sí ààyè mọ́. Bàbá jókòó tì í, ó yọ géèmù náà, ààyè wà. Àmọ́ kò dúró níbẹ̀. Ó tún wá àpò àkọsílẹ̀ ọmọ náà rí, ó pa á rẹ́, ó da Recycle Bin nù, ó ní bí a bá ń gbálẹ̀, kí á gbá a dé kọ̀rọ̀. Ọmọ náà ń sùn ní yàrá kejì.

Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, ọmọ ò jẹun, kò bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀. Ó di ọjọ́ kejì, bákan náà. Ni ìyá rẹ̀ bá wá bá mi pé kí n dá sí i.

Agbẹjọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà ni, nítorí náà mo gbọ́ tẹnu àwọn méjèèjì. Bàbá ní: "Ẹ̀gbọ́n, ẹni tó lẹ́rú ló lẹ́rù. Èmi ni mo ra laptop, èmi ni mo ń ra dátà, èmi ni mo ń bu epo sí jẹnẹrétọ̀. Iṣẹ́ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ló kúkú fẹ́ bàjẹ́. Géèmù ò sì kú, ó wà lórí íntánẹ́ẹ̀tì. Ọjọ́ tí àyè bá gbà á, kó fà á wálẹ̀ padà."

Ọmọ ní: "Ẹ jọ̀ọ́ sà, mi ò bínú pé wọ́n yọ ọ́. Wọn ì bá kàn jí mi ni. Mi ò bá kó tèmi sínú fláàṣì, kò ní í tó ìṣẹ́jú kan."

Nínú àwíjàre bàbá, ohun mẹ́ta ni mo kà. Èkíní ni pé iṣẹ́ ọmọbìnrin ṣe kókó. Lórí èyí, èmi náà fara mọ́ ọn pátápátá. Bí ilé bá kún, eré ló yẹ kó sún fún iṣẹ́, ọmọ náà kò sì jiyàn rẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹ ṣàkíyèsí pé géèmù tó yọ ti yanjú ọ̀ràn ààyè. Àpò àkọsílẹ̀ tó pa rẹ́ lẹ́yìn náà kò fi ohun tó tó nǹkan kún un. Iṣẹ́ ọmọbìnrin kò nílò rẹ̀.

Èkejì ni òwe tó pa. Òwe ayé ẹrú ni, ọmọ ẹni kì í sì í ṣe ẹrú ẹni. Ṣé nítorí pé bàbá ló ra ìwé, bàbá náà ló ni àròkọ tí ọmọ kọ sínú rẹ̀? Àwọn baba wa mọ ìyàtọ̀ yìí dáadáa. Bí mo bá yọ̀ǹda ilẹ̀ fún ẹnìkan láti dáko, èmi ni mo ni ilẹ̀, kò sí àríyànjiyàn. Lọ́jọ́ tí mo bá fẹ́ fi ilẹ̀ ṣe nǹkan mìíràn, mo lè gbà á. Àmọ́ iṣu tó wà nínú ebè, ẹni tó gbìn ín ló ni ín. Mo gbọ́dọ̀ sọ fún un tẹ́lẹ̀ kó wa iṣu rẹ̀. Laptop ni ilẹ̀, àkọsílẹ̀ ọmọ yẹn ni iṣu.

Ẹ̀kẹta ló le jù lọ, nítorí ó dà bí òótọ́: pé kò sí ohun tó sọnù, géèmù ṣì wà níbi tí wọ́n ti rí i. Ẹ fọkàn yàwòrán àgbà méjì nídìí ọpọ́n ayò. Ojúlé 12, ọmọ ayò 48. Eré ti wọra, ọ̀kan ti fẹ́ borí. Ẹnìkan wá ń kọjá lọ, ó da ọpọ́n rú, ó ṣa gbogbo ọmọ ayò, ó kà wọ́n, ó sì ní: "Ẹ wò ó, 48 ló pé pérépéré yìí. Kí lẹ wá ń bínú sí?" Ọmọ ayò pé lóòótọ́, ayò ni kò sí mọ́. Àwọn ọmọ ayò ò ṣòroó rí. Ohun tí àwọn àgbà méjì yẹn fi ọgbọ́n wọn tò síbẹ̀ ni a kò lè ṣà nílẹ̀. Bẹ́ẹ̀ náà sì ni "kó fà á wálẹ̀ padà" rọrùn lẹ́nu. Ọ̀pọ̀ gígábáìtì kì í ṣe ọ̀fẹ́ ní ilẹ̀ wa, pàápàá láti oṣù kìíní ọdún 2025 tí àjọ NCC ti gbà kí àwọn iléeṣẹ́ tẹlifóònù fi tó ìdá 50 nínú 100 lé owó wọn.

Mo mọ ohun tí ẹlòmíràn yóò sọ: pé ọmọ náà fúnra rẹ̀ kò ni géèmù, àṣẹ àtilò lásán ni wọ́n tà fún un. Òótọ́ ni. Ní ìpínlẹ̀ California ní Amẹ́ríkà, òfin kan tí wọ́n fọwọ́ sí ní ọdún 2024, tó sì bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọjọ́ kìíní oṣù kìíní ọdún 2025, ní dandan ni kí olùtà sọ èyí kedere fún olùrà. Ní òpin oṣù kẹta ọdún 2024, iléeṣẹ́ Ubisoft ti ẹ̀rọ tó ń gbé géèmù The Crew ró pa, géèmù tí wọ́n ti ń tà láti ọdún 2014. Ọ̀pọ̀ tó fowó rà á, páálí àti díìsìkì rẹ̀ ṣì wà lọ́wọ́ wọn, ṣùgbọ́n eré ti parí. Ọmọ ayò pé, ayò ò sí. Inú bí wọn gidigidi, ó sì tọ́ kó bí wọn. Bí a bá wá rí i pé ìwà alágbára ni kí iléeṣẹ́ ńlá sọ fún wa pé "tiwa ni, ohun tó wù wá la ó fi ṣe é," ó yẹ kí a yẹ ara wa wò kí a tó sọ gbólóhùn kan náà fún ọmọ inú ilé. Bí géèmù kò bá sì jẹ́ ti ọmọ, ohun tó fọwọ́ ara rẹ̀ ṣe nínú rẹ̀ nìkan ló kù tó jẹ́ tirẹ̀. Òun gan-an ni wọ́n wá pa rẹ́.

N kò sọ pé ẹgbẹ́ bọ́ọ̀lù inú ẹ̀rọ ṣe déédéé pẹ̀lú ìwé ẹ̀rí yunifásítì. Ohun tí mo ń sọ ni pé ẹni tó nílò ààyè lè gba ààyè, ṣùgbọ́n kò tọ́ kó bá onínǹkan díye lé nǹkan rẹ̀, kó wá pè é ní asán. Ọmọ náà ní ẹ̀bi tirẹ̀ o. Nígbà tí a jọ yẹ ẹ̀rọ wò, a bá géèmù eré mọ́tò kan níbẹ̀ tí kò fọwọ́ kàn fún ọ̀pọ̀ oṣù, tó sì wúwo ju ti bọ́ọ̀lù lọ. Ẹni tó ń fi ẹrù tí kò lò dí ọ̀nà ilé ló ń pe ìgbálẹ̀. Ojú mi ló ṣe yọ ọ́. Bàbá kò tọrọ àforíjì lẹ́nu, ṣùgbọ́n ó ra fláàṣì kan fún ọmọ náà kí ọ̀sẹ̀ tó parí. Ìyá ní kí wọ́n wá jẹun.

Nítorí náà, ẹ̀yin òǹkàwé mi, bí ẹ bá fẹ́ gba ààyè lórí laptop ilé, ẹ kọ́kọ́ wo èyí tó tóbi jù tí ẹnikẹ́ni kò lò, kí ẹ mú ọwọ́ kúrò lára èyí tí ẹnìkan ń lò títí ẹ ó fi bi í. Bó bá di dandan kí ẹ yọ ọ́, ẹ yọ géèmù, kí ẹ fi àkọsílẹ̀ sílẹ̀ tàbí kí ẹ kó o pamọ́. Bí onígéèmù bá sì ń sùn, ẹ jí i. Kò gbà ju ìṣẹ́jú kan lọ, kò sì gba dátà.