Omi Tí Kì Í Ṣe Omi

Ọpẹ́ ni fún Ọlọ́hun Ọba tí ó dá sánmà àti ilẹ̀, tí ó fi àmì sí inú wọn fún ẹni tí ó bá ronú. Kí ìkẹ́ àti ọlà Rẹ̀ máa bá Ànábì wa Muhammad, àwọn ará ilé rẹ̀ àti àwọn sàhábé rẹ̀.

Ní ọjọ́ kan nínú ọ̀gbẹlẹ̀, a ń kó àwọn ọmọ ilé-kéwú wa lọ láti Ìlọrin sí Ògbómọ̀ṣọ́. Oòrùn ọ̀sán mú, omi inú kẹ́ẹ̀gì sì ti tán. Ọmọbìnrin kan kígbe láti ẹ̀yìn ọkọ̀ pé, "Ààfáà, ẹ wo omi níwájú!" Lóòótọ́, ó tẹ́ sí ojú títì bí adágún, ó ń dán. Ṣùgbọ́n nígbà tí ọkọ̀ fi máa dé ibẹ̀, ọ̀dà gbígbẹ ni a bá. Omi náà ti sún síwájú. Ọmọ náà bi wá pé, "Ààfáà, ṣé ojú wa ni ó ń purọ́ ni?" Ìbéèrè yìí ni a fi ṣe wáàsí oṣù yìí.

Saraabu ni Lárúbáwá ń pe nǹkan yìí. Àwọn kan ń pè é ní ahúnpeéná ní èdè wa. Oòrùn a máa mú ọ̀dà gbóná gan-an, ọ̀dà a sì mú afẹ́fẹ́ tí ó sún mọ́ ọn gbóná ju ti òkè lọ. Afẹ́fẹ́ gbígbóná a máa fẹ́lẹ́, èyí tí ó tutù jù ú lọ a máa ki. Bí ìmọ́lẹ̀ bá ń ti sánmà bọ̀ wálẹ̀ ní ìdàgẹ̀rẹ̀, tí ó dé inú afẹ́fẹ́ fífẹ́lẹ́ yìí, kò ní í lọ tààrà mọ́. Díẹ̀díẹ̀ ni yóò máa tẹ̀, títí yóò fi kọjú sókè, tí yóò wọ ojú wa. Àwa kò mọ̀ pé ó tẹ̀ lọ́nà. A ó rò pé láti ilẹ̀ ni ó ti wá. Sánmà ni a ń wò lójú títì tí a ń pè ní omi! Ìmọ́lẹ̀ tí ó dàgẹ̀rẹ̀ gidigidi nìkan ni ó lè tẹ̀ bẹ́ẹ̀. Ìdí nìyí tí ó fi jẹ́ pé òkèèrè nìkan ni a ti ń rí i, tí ó sì ń sá fún ẹni tí ó bá ń lé e.

Nítorí náà, ojú kò purọ́. Kámẹ́rà pàápàá yóò yà á bẹ́ẹ̀. Ìmọ́lẹ̀ òótọ́ ni, ìtumọ̀ tí a fún un ni ó ṣìnà. Mùsùlùmí onímọ̀ nì, Ibn al-Haytham, ọmọ ìlú Basra, ti kọ ìwé ńlá lórí ìmọ́lẹ̀ àti ìríran ní nǹkan bí ẹgbẹ̀rún ọdún sẹ́yìn, ó sì ṣàlàyé níbẹ̀ bí ènìyàn ṣe lè ṣi ohun tí ó rí mú. Ní 1798, àwọn ọmọ ogun Faransé rí saraabu ní aṣálẹ̀ Íjíbítì nígbà tí òùngbẹ ń gbẹ wọ́n. Gaspard Monge tí ó bá wọn lọ ni ó kọ àlàyé rẹ̀ sílẹ̀.

Òùngbẹ yẹn gan-an ni Àlùkùránì mẹ́nu bà nínú Sūratu Nūr, āyà 39. Ọlọ́hun fi iṣẹ́ àwọn aláìgbàgbọ́ wé saraabu ní pẹ̀tẹ́lẹ̀. Ẹni tí òùngbẹ ń gbẹ rò pé omi ni. Ó dé ibẹ̀, kò bá nǹkan kan. Ọlọ́hun ni ó bá, tí yóò ṣírò iṣẹ́ rẹ̀ fún un ní pípé.

Ẹ má sọ pé ọ̀rọ̀ yìí kò kan Mùsùlùmí. Nínú hádíìsì tí Muslim gbà wá, Ànábì (kí ìkẹ́ àti ọlà Ọlọ́hun máa bá a) sọ nípa àwọn tí a ó kọ́kọ́ dá lẹ́jọ́: ẹni tí ó kú sójú ogun, ẹni tí ó kọ́ ìmọ̀ tí ó sì ń ké Àlùkùránì, àti ẹni tí ó ná owó. Wọ́n ṣe é kí a lè pè wọ́n ní akọni, onímọ̀ àti ọlọ́rẹ. A ti pè wọ́n bẹ́ẹ̀ láyé. Iná ni ó kù fún wọn. Òógùn wọn kì í ṣe irọ́, gẹ́gẹ́ bí ìmọ́lẹ̀ saraabu kì í ti í ṣe irọ́. Níyà ni afẹ́fẹ́ tí iṣẹ́ wa ń gbà kọjá; bí ṣekárími bá mú un gbóná, iṣẹ́ yóò tẹ̀.

Àwa tí a ń kọ èyí kò mọ́ nínú rẹ̀. Ní Ràmàdáánì kan, à ń ṣe lèmọ́mù kìrun àṣámù. Bí àwọn ènìyàn ńlá ṣe wọlé, ohùn wa yí padà, kéwú wa sì dùn sí i. Wọ́n yìn wá, inú wa dùn. Nígbà tí a délé, ọkàn wa gbẹ bí ọ̀dà ojú títì.

Ìwọ ńkọ́, arákùnrin tí o ń retí kí wọ́n dárúkọ rẹ lẹ́yìn sàráà? Ìwọ ńkọ́, arábìnrin tí ó jẹ́ pé ojú ẹgbẹ́ nìkan ni o ń torí rẹ̀ wọ híjáàbù? Ẹ má pa iṣẹ́ rere tì nítorí ìbẹ̀rù ṣekárími o. Èṣù ni yóò jèrè. Níyà ni kí ẹ tún ṣe. Ẹ ṣe iṣẹ́ kan lóṣù yìí tí ẹnikẹ́ni kò ní í gbọ́: rákáà méjì lóru, tàbí gbèsè aláìní kan tí ẹ bá a san. Bí ó bá dùn mọ́ yín, omi ni. Bí kò bá dùn, ẹ ti mọ ohun tí ẹ ń sá tẹ̀ lé láti ọjọ́ yìí.

Ohun tí a fi dá ọmọ náà lóhùn nìyí: ojú rẹ kò purọ́, òùngbẹ ni ó yára pè é ní omi. Kí Ọlọ́hun fọ níyà wa mọ́, kí ó fún wa ní omi tòótọ́ mu ní ọjọ́ òùngbẹ ńlá. Àmín.