Akọ̀wé Tó Di Òṣèré

Oníṣòwò tó ń re Àjàṣẹ́, awakọ̀ tó ń retí èrò ní gàrejì Ìdí-Ìrókò, ìyá tó ń ta gàrí lẹ́gbẹ̀ẹ́ títì: kò sí èyí tí kò dá òṣèré Taiwo Hassan, Ògògó ọmọ Ìlaròó, mọ̀ nínú wọn. Wọ́n á rẹ́rìn-ín, wọ́n á sì máa yangàn pé ọmọ ilé wa ni. Ṣùgbọ́n bí ọmọbìnrin wọn bá ní eré ni òun náà fẹ́ ṣe, ẹ̀rín á dáwọ́ dúró. "Ṣé ọmọlúàbí ń ṣe irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀?"

Ìbéèrè yẹn kì í ṣe tòní. Hubert Ògúndé, ọmọ Ìjẹ̀bú tó ti ṣe tíṣà àti ọlọ́pàá rí, bá a pàdé nígbà tó ń kó ẹgbẹ́ òṣèré rẹ̀ jọ ní Èkó. Ó kéde pé òun ń wá obìnrin tí yóò máa ṣeré, kò sẹ́ni tó yọjú. Wọ́n ní ó wá pa ìkéde náà dà: akọ̀wé obìnrin ni òun ń wá. Kíá ni wọ́n dé. Ibẹ̀ ni wọ́n ti gbọ́ pé orí ìtàgé ni ọ́fíìsì wọn. Nígbà tí eré rẹ̀, Tiger's Empire, jáde ní 1946, obìnrin tó ń gbowó iṣẹ́ wà nínú ìpolówó eré Yorùbá fún ìgbà àkọ́kọ́.

Ta ni kí a wá bi léèrè ìwà níhìn-ín?

Òótọ́ wà lára ohun tí a fi ń mọ ọmọlúàbí, Ògúndé sì fi ẹ̀tàn pe ọmọ ọlọ́mọ. Nígbà tí òbí bẹ̀rẹ̀ sí í wá mú ọmọ wọn lọ, ó ń fẹ́ àwọn òṣèré rẹ̀ níyàwó. Ẹ̀gàn ará àdúgbò rọlẹ̀, nítorí ìyàwó ilé ni wọ́n ń pè wọ́n báyìí. Síbẹ̀, ẹni tí ọ̀gá rẹ̀ jẹ́ ọkọ rẹ̀ kò lè fi iṣẹ́ sílẹ̀ láìtú ilé ká.

Ẹ wo àwọn obìnrin náà fúnra wọn. Wọ́n kọrin, wọ́n jó, wọ́n há ọ̀rọ̀ eré sórí, wọ́n ń sùn láti ìlú dé ìlú. Lẹ́yìn eré Yorùbá Ronú ní 1964, ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn fòfin de ẹgbẹ́ náà títí di 1966. Ẹgbẹ́ náà kò tú ká.

Clementina Oguntimirin, tí gbogbo ayé mọ̀ sí Adéṣẹwà Ògúndé, wà lára àwọn obìnrin àkọ́kọ́ náà. Jàm̀bá mọ́tò ló pa á ní 1970, ojú ọ̀nà ibi eré ló wà. Nígbà tí Ayé, fíìmù Ògúndé, jáde ní 1979, ọdún kẹsàn-án ikú rẹ̀ nìyẹn. Àwọn orogún rẹ̀ ni àwọn èèyàn tò sẹ́nu ọ̀nà sinimá láti lọ wò.