Bí Ohùn Òkú Bá Purọ́, Ta La Ó Mú?

Bí ẹnì kan bá gbé ìwo kan lé mi lọ́wọ́ lónìí, tí ó ní bí mo bá ti gbé e sétí, ohùn ẹnikẹ́ni tí mo bá dárúkọ nínú àwọn tó ti kú ni n óò máa gbọ́, ṣé ó yẹ kí n gbà á? Mo bi àwọn ọmọ kíláàsì mi. Púpọ̀ nínú wọn ní àwọn á gbà á lójú ẹsẹ̀. Ọ̀kan tilẹ̀ ní ohun tí òun yóò kọ́kọ́ bèèrè ni ibi tí bàbá àgbà òun bo owó mọ́lẹ̀ sí. A rẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ ìwo yìí kì í ṣe àlọ́ mọ́.

Lọ́dún 1877 ni Thomas Edison, ará Amẹ́ríkà, ṣe ẹ̀rọ tó gba ohùn ènìyàn sílẹ̀ tó sì tún un sọ. Lọ́dún kan náà ni ogun Kírìjì bẹ̀rẹ̀, tí Ìjẹ̀ṣà àti Èkìtì fi kojú Ìbàdàn. Ògèdèǹgbé tó jẹ́ ọ̀gá ogun wọn wà láyé títí di 1910, síbẹ̀ èmi ọmọ Ìjẹ̀ṣà kò mọ bí ohùn rẹ̀ ṣe rí. Ìró ìbọn ni wọ́n fi sọ ogun náà lórúkọ, nítorí náà ohùn ìbọn dé etí wa, ti ènìyàn kò dé. Àwa tí à ń gbé Òṣogbo ṣe oríire díẹ̀. Dúró Ládiípọ̀ tó dá Mbárí Mbáyọ̀ sílẹ̀ níhìn-ín lọ́dún 1962 kú ní 1978, kí wọ́n tó bí mi rárá, ṣùgbọ́n ohùn rẹ̀ nínú Ọba Kò So ṣì wà. Òkú ló ń sọ̀rọ̀ yẹn. Ẹnu rẹ̀ ni gbogbo rẹ̀ sì ti jáde nígbà tó wà láàyè. Ẹnikẹ́ni kò fi ẹyọ ọ̀rọ̀ kan kún un.

Edison fẹ́ jù bẹ́ẹ̀ lọ. Lọ́dún 1920 ó sọ fún àwọn oníròyìn pé òun ń ṣe ẹ̀rọ kan tí àwọn òkú, bí wọ́n bá wà níbì kan, lè fi bá wa sọ̀rọ̀. Ó kú ní 1931, kò sí ẹni tó rí ẹ̀rọ náà. Nígbà tó di 2022, ilé iṣẹ́ Amazon fi han gbogbo ayé pé ẹ̀rọ wọn lè ka ìwé ìtàn fún ọmọdé pẹ̀lú ohùn ìyá àgbà rẹ̀. Wọ́n ní ohùn tí kò pé ìṣẹ́jú kan ti tó láti fi kọ́ ẹ̀rọ náà. Ọ̀rọ̀ tí ìyá yẹn kò sọ rí ni yóò máa ti ẹnu rẹ̀ jáde.

Lọ́dún tó kọjá, ọ̀rọ̀ yìí wọ ilé wa. Màmá Iléṣà, ìyá bàbá mi, fi ilé kan sílẹ̀, kò sì kọ ìwé kankan. (Ó yà wá lẹ́nu. Òṣómàáló ni bàbá tó bí i, tó máa ń lóṣòó sí ẹnu ọ̀nà ẹni tó ra aṣọ àwìn títí yóò fi gba owó rẹ̀. Màmá náà kì í fi ọ̀rọ̀ owó ṣeré.) Bàbá mi ní owó òun ni wọ́n fi parí ilé náà. Ẹ̀gbọ́n wọn obìnrin, Ìyá Ìbòkun, ní owó ọjà Màmá ni. Wọn kò bá ara wọn sọ̀rọ̀ fún oṣù mẹ́ta.

Ohùn mẹ́rìnlá tí Màmá fi ránṣẹ́ sí mi lórí WhatsApp wà lórí fóònù mi. Àdúrà ló pọ̀ jù nínú wọn, àti ìbínú nípa adìyẹ aládùúgbò. Ọmọ Ìyá Ìbòkun, tó ń kọ́ nípa kọ̀ǹpútà ní yunifásítì, sọ níbi ìpàdé ẹbí pé, “Dádì, ẹ jẹ́ ká kó ohùn wọ̀nyí sínú ẹ̀rọ, ká bi Màmá fúnra wọn.” Bàbá mi dákẹ́. Mo mọ̀ pé ó wù wọ́n. Ìyá Ìbòkun ló yíjú sí ọmọ wọn pé, “Ìwọ ọmọ yìí, bí ó bá purọ́, ta la ó mú?”

Láti ọjọ́ náà ni mo ti ń ro ìbéèrè yìí. Ní ọ̀pọ̀ ibi nílẹ̀ Yorùbá láyé àtijọ́, bí àgbà bá kú, tí wọ́n sin ín tán, egúngún kan a máa wá sí ilé rẹ̀ pẹ̀lú aṣọ àti ohùn tó jọ ti olóògbé. Á pe àwọn ọmọ, á gbà wọ́n níyànjú, á súre, á sì padà lọ. Ọ̀rọ̀ awo kì í ṣe tèmi, n kò sì ní tú u. Ohun tí mo rí ni pé gbogbo ìlú mọ ilé Alágbàá. Bí ará ọ̀run bá sọ ohun tó da ilé rú, àwọn àgbà kan wà tí wọn yóò dáhùn fún un. Yàtọ̀ sí èyí, ó ń dágbére ni. Ẹ̀rọ kì í dágbére.

Ọ̀rẹ́ mi kan kò gbà pẹ̀lú mi. Ìyá rẹ̀ kú nígbà tó wà ní ọmọ ọdún mẹ́fà. Ó ní òun kò fẹ́ bèèrè ilé tàbí owó, kí ìyá òun sáà ki òun ní oríkì lẹ́ẹ̀kan péré. N kò lè pe èyí ní òmùgọ̀. Ẹni tó fẹ́ fi ohùn òkú tu ara rẹ̀ nínú kò dà bí ẹni tó fẹ́ fi jẹ́rìí mọ́ alààyè. Síbẹ̀ mo bi í pé, “Oríkì wo ni wọ́n máa ń pè ọ́?” Kò rántí. Ẹ̀rọ náà kò ní sọ pé òun kò mọ̀. Yóò mú Àjọkẹ́ tàbí Àbẹ̀kẹ́ kan láti ibi kan, ọ̀rẹ́ mi yóò sì máa jẹ́ ẹ títí ayé pé ìyá òun ló sọ ọ́.

Ní tiwa, àwọn àgbà ẹbí ránṣẹ́ pe ìyá tí òun àti Màmá jọ ń dá àjọ, àti bíríkìlà tó kọ́ ilé náà. Bíríkìlà ní ọwọ́ Màmá lòun ti gba owó ìpìlẹ̀. Wọ́n bi í ta ló ra páànù. Ó ronú títí, ó sì ní òun kò rántí mọ́.