Ǹjẹ́ Ọ̀nà Jíjìn Ni Ó Ń Sọ Ìmọ̀ Di Iyebíye?

Obìnrin Ègùn kan ń din ẹja ní ìkòríta tí ó wà nítòsí ilé wa ní Festac Town. Láti ìgbà tí mo ti wà ní ilé ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ni mo ti ń ra ẹja lọ́wọ́ rẹ̀. Ìyá Ẹlẹ́ja ni gbogbo wa ń pè é. Èmi àti àwọn ọ̀rẹ́ mi a máa sín in jẹ bí ó ti ń sọ Yorùbá, nítorí pé ohùn rẹ̀ yàtọ̀ sí tiwa. Ní ọjọ́ kan, ó gbọ́ wa. Kò bú wa. Ó kàn wé ẹja wa sínú bébà, ó sì fún wa ní ṣéńjì. Mo rántí pé a rẹ́rìn-ín dé ilé. N kò mọ̀ nígbà náà pé ọjọ́ ń bọ̀ tí wọn yóò sanwó kí ẹni tí ó ń sọ̀rọ̀ bí i tirẹ̀ tó lè kọ́ mi ní oúnjẹ sísè.

Nígbà ìsinmi gígùn tí ó kọjá, àǹtí mi, àbúrò ìyá mi tí ó ń ránṣọ, fẹ́ lọ ra aṣọ ní Kútọnu, ó sì mú mi dání. Láti Mile 2 ni a ti wọ ọkọ̀. A gba òpópónà Badagry, a kọjá ẹnubodè Sẹ̀mẹ̀, a sì kọ́kọ́ yà sí Àjàṣẹ́, ìlú tí àwọn Faransé ń pè ní Porto-Novo, nítorí pé àǹtí mi ní ọ̀rẹ́ kan níbẹ̀. Ọ̀rẹ́ yìí ni ó sọ fún wa pé ìyá kan wà ní àdúgbò òun tí ó ń kọ́ àwọn àlejò ní oúnjẹ sísè nínú àgbàlá ilé rẹ̀. Kì í ṣe wíwò lásán. Àlejò fúnra rẹ̀ ni yóò gé àlùbọ́sà, òun ni yóò ro òkèlè, òun náà ni yóò sì jẹ ohun tí ó bá sè. Àǹtí mi san owó ènìyàn méjì.

Irú ẹ̀kọ́ báyìí kò ṣàjèjì sí mi. Mo ti rí i nínú fídíò àwọn arìnrìn-àjò tí wọ́n lọ sí Ítálì. Wọ́n á wọ ilé ìdáná ìyá àgbà kan, wọ́n á da ìyẹ̀fun sórí tábìlì, wọ́n á ṣe kòtò sí àárín rẹ̀, wọ́n á fọ́ ẹyin sínú kòtò náà, wọ́n á sì máa pò ó títí yóò fi dán, kí wọ́n tó nà án pẹrẹsẹ, kí wọ́n sì gé e ní tẹ́ẹ́rẹ́. Àwọn ará Ítálì mọ iyì ohun tí wọ́n ní. Ní ọdún 2017, àjọ UNESCO kọ iṣẹ́ ọwọ́ àwọn tí ń ṣe pizza ní ìlú Naples mọ́ àjogúnbá gbogbo ènìyàn àgbáyé. Mo máa ń wo àwọn fídíò wọ̀nyí tìyanutìyanu, mo sì máa ń sọ fún ìyá mi pé èmi náà yóò lọ lọ́jọ́ kan. N kò ronú rí pé Àjàṣẹ́ ni n ó ti bẹ̀rẹ̀.

Àwa márùn-ún ni a kọ́ṣẹ́ ní ọjọ́ náà: èmi àti àǹtí mi, tọkọtaya kan láti ilẹ̀ Faransé, àti ọ̀dọ́mọkùnrin kan láti Tógò. Àmíwò ni ìyá náà kọ́ wa. Ní èdè wọn, epo tàbí òróró ni "ami", òkèlè sì ni "wo". A fi atalẹ̀, aáyù, àlùbọ́sà àti ata se adìẹ. A yọ adìẹ náà, a dín in, ṣùgbọ́n a kò da omi rẹ̀ nù. A din àlùbọ́sà àti tòmátì tí a ti lọ̀ nínú òróró, a sì da omi adìẹ lé e lórí. Nígbà tí ó hó, a fi omi tútù po díẹ̀ nínú ìyẹ̀fun àgbàdo, a dà á sínú ìkòkò, a sì rò ó bí ẹni ń ro ògì. Lẹ́yìn náà ni iṣẹ́ gan-an ṣẹ̀ṣẹ̀ wá bẹ̀rẹ̀. A ń bu ìyẹ̀fun gbígbẹ sí i díẹ̀díẹ̀, a sì ń fi orógùn rò ó títí yóò fi le dáadáa, tí kò ní lẹ̀ mọ́ ara ìkòkò mọ́.

Mo rò pé mo mọ̀ ọ́n. Ṣebí mo máa ń ro àmàlà nílé? Ṣùgbọ́n tèmi ní kókó, apá sì ń dùn mí. Ìyá náà wá sí ẹ̀yìn mi, ó gbé ọwọ́ rẹ̀ lé tèmi lórí orógùn, ó tẹ òkèlè náà mọ́ ẹ̀gbẹ́ ìkòkò, ó sì fà á wá sí ọ̀dọ̀ ara wa. Ìgbà náà ni mo mọ̀ pé kì í ṣe agbára ni ó ń fọ́ kókó, bí kò ṣe ibi tí a bá gbé orógùn gbà. Ó fi Yorùbá sọ fún mi pé, "Ọmọ mi, ojú kì í ro òkèlè." Ohun tí ọwọ́ rẹ̀ kọ́ ọwọ́ mi ní ìṣẹ́jú kan, ọgọ́rùn-ún fídíò kò lè kọ́ mi.

Bí a ti jókòó tí a ń jẹun, ó bi mí pé níbo ni mo ti wá. Mo ní Festac ni, ní Èkó. Inú rẹ̀ dùn.

Ó ní, "Àwọn ènìyàn wa wà ní Èkó dáadáa. Ṣé kò sí ìkankan ní àdúgbò yín tí ó lè kọ́ ọ ní èyí ni?"

Mo ní, "Ó wà, mà. Ẹja ni wọ́n ń dín."

Ó ní, "Kí ni orúkọ rẹ̀?"

Mo la ẹnu, n kò rí nǹkan sọ. Ó tó ọdún mẹ́jọ tí mo ti ń ra ẹja lọ́wọ́ obìnrin yìí, n kò sì mọ orúkọ rẹ̀. Ìyá tí mo jókòó tì yìí, n kò tíì mọ̀ ọ́n fún wákàtí mẹ́rin, síbẹ̀ mo ti mọ orúkọ rẹ̀, mo mọ iye ọmọ rẹ̀, mo sì mọ ẹni tí ó kọ́ ọ ní oúnjẹ sísè. Àmíwò náà dùn, ṣùgbọ́n kò fẹ́ gba ọ̀nà ọ̀fun mi lọ mọ́.

Láti ọjọ́ náà ni ìbéèrè tí mo fi ṣe àkọlé àròkọ yìí ti ń dà mí láàmú. Obìnrin méjì ni wọ́n, ẹ̀yà kan náà ni wọ́n, oúnjẹ kan náà ni ọwọ́ wọn mọ̀ ọ́n ṣe. Èéṣe tí mo fi pe ọ̀kan ní olùkọ́, tí mo sì fi èkejì ṣe ẹlẹ́yà?

Àwọn kan yóò sọ pé ìrìn-àjò ni olùkọ́. Àwọn àgbà wa náà sọ pé bí ọmọdé kò bá dé oko bàbá ẹlòmíràn, yóò ní kò sí oko tí ó tóbi tó ti bàbá òun. Òótọ́ ni. Bí n kò bá lọ sí Àjàṣẹ́, bóyá n kì bá tí bi ara mi ní ìbéèrè yìí láéláé. Ṣùgbọ́n àwọn àgbà kan náà ni wọ́n sọ pé àlejò ní ojú, kò fi ríran. Ní tèmi, ìgbà tí mo jẹ́ onílé gan-an ni n kò fi ojú mi ríran.

Àwọn mìíràn yóò sọ pé owó ni ó fà á, pé ohun tí a bá sanwó fún ni a ń kà sí. Kò burú kí ẹni tí ó ń kọ́ni gbowó. Iṣẹ́ ni, òógùn rẹ̀ sì ni. Ṣùgbọ́n mo ti ń fún Ìyá Ẹlẹ́ja lówó láti ọdún mẹ́jọ, owó náà kò sì mú kí n bọ̀wọ̀ fún un. Owó nìkan kọ́ nígbà náà. Ohun tí mo fún ìyá Àjàṣẹ́ tí n kò fún Ìyá Ẹlẹ́ja ni àfiyèsí. Mo jókòó, mo tẹ́tí sílẹ̀, mo sì gbà pé ó mọ ohun tí èmi kò mọ̀.

Ẹ jẹ́ kí a wo àkàrà. Àwọn ènìyàn wa tí wọ́n kó lẹ́rú lọ sí Brazil gbé e dé ibẹ̀, acarajé ni wọ́n sì ń pè é títí di òní. Ní ọdún 2005, orílẹ̀-èdè náà kọ iṣẹ́ àwọn obìnrin tí ń dín in tà sínú ìwé àjogúnbá rẹ̀. Àlejò tí ó bá dé ìlú Salvador yóò tò síwájú wọn, yóò sì ya fọ́tò. Ìyá alákàrà wa ní Agboju ńkọ́? Ènì nìkan ni a mọ̀ ọ́n bèèrè lọ́wọ́ rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ sì ni kò sí oúnjẹ tí kò rìn. Láti ilẹ̀ Amẹ́ríkà ni tòmátì ti dé Ítálì. Láti ibẹ̀ náà ni àgbàdo ti dé ọ̀dọ̀ wa. Ẹnì kan ti fi ara balẹ̀ kọ́ wọn lọ́wọ́ ẹlòmíràn rí.

Ìlú tí mò ń gbé gan-an yẹ kí ó ti kọ́ mi lọ́gbọ́n. Àlejò ni wọ́n kọ́ Festac Town fún. Níbẹ̀ ni wọ́n fi àwọn tí ó wá láti orílẹ̀-èdè púpọ̀ wọ̀ sí nígbà àjọ̀dún iṣẹ́ ọnà àti àṣà àwọn ènìyàn dúdú, láti 15 oṣù Kìíní sí 12 oṣù Kejì, ọdún 1977. Lónìí, ojúlé sí ojúlé ni Àwórì, Ègùn, Ìgbò, Ìjọ, Haúsá àti àwọn mìíràn ń gbé káàkiri Amuwo-Odofin. Àwa tí a ń sùn nínú ilé tí wọ́n kọ́ láti fi yẹ́ àṣà sí, a kò mọ orúkọ ẹni tí ń din ẹja ní ìkòríta.

Nígbà tí a padà dé, mo ra ìyẹ̀fun àgbàdo àti tòmátì ní ọjà Agboju, mo se àmíwò. Ó tún ní kókó. Mo bu díẹ̀ sínú abọ́, mo gbé e lọ bá Ìyá Ẹlẹ́ja ní ìrọ̀lẹ́. Mo kúnlẹ̀, mo kí i. Ó tọ́ ọ wò, ó rẹ́rìn-ín.

Ó ní, "Ta ni ó kọ́ ọ?" Mo sọ fún un.

Ó ní, "Ẹ sanwó?"

Mo ní, "Bẹ́ẹ̀ ni, mà."

Ó dákẹ́ díẹ̀, ó yí ẹja padà nínú òróró, ó wá ní, "Ó dára. Àwọn tí ó jìnnà, ẹ sanwó kí ẹ tó gbọ́ ohùn wọn. Èmi tí mo wà níbí, ẹ̀ ń fi ohùn mi ṣeré."

Ó wù mí kí ilẹ̀ lanu kí n wọlé. Mo bẹ̀bẹ̀. Kò sọ pé òun ti dárí jì mí. Ó kàn ní kí n máa yan díẹ̀ nínú ìyẹ̀fun náà lórí iná kí n tó rò ó, kí ó lè ta sánsán. Mo bi í pé, "Ẹ jọ̀ọ́ mà, kí ni wọ́n ń pè yín ní ilé yín?" Ó sọ orúkọ rẹ̀ fún mi, ó sì sọ ti àkọ́bí rẹ̀. N kò ní kọ wọ́n síbí, nítorí pé n kò gba àṣẹ lọ́wọ́ rẹ̀. Ṣùgbọ́n orúkọ àkọ́bí rẹ̀ ni mo fi ń pè é báyìí. N kò pè é ní Ìyá Ẹlẹ́ja mọ́.

Ìdáhùn mi nìyí. Ọ̀nà jíjìn kì í sọ ìmọ̀ di iyebíye. Ó kàn ń mú kí a jókòó jẹ́ẹ́ níwájú ẹni tí ó ní in. Bí a bá lè jókòó bẹ́ẹ̀ ní Àjàṣẹ́ tàbí ní Ítálì, kò sí ohun tí ó ní kí a má lè jókòó bẹ́ẹ̀ ní ìkòríta tiwa. N kò sọ pé kí ẹnikẹ́ni má rìn. Bí mo bá dé Ítálì lọ́jọ́ kan, n ó po ìyẹ̀fun tayọ̀tayọ̀. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá fẹ́ lọ kọ́ ìwà àti oúnjẹ ẹni ọ̀nà jíjìn jẹ aládùúgbò rẹ̀ ní gbèsè kan: kí ó kọ́kọ́ mọ orúkọ rẹ̀. Ẹ̀yin olùkọ́ wa, bí ọjọ́ àṣà bá tún dé ní ilé ẹ̀kọ́, ẹ má ṣe jẹ́ kí a kàn wọ aṣọ oríṣiríṣi ẹ̀yà ya fọ́tò. Ẹ pe àwọn ìyá tí ń ta oúnjẹ ní ẹnu ọ̀nà wọlé, ẹ fún wọn ní àga, kí wọ́n kọ́ wa, kí ẹ sì san owó iṣẹ́ wọn.

Ní Sátidé tí ó kọjá, mo tún ro àmíwò, mo sì gbé e lọ sí ìkòríta. Kókó mẹ́ta péré ni ó rí nínú rẹ̀.